Góòlù Mẹ́jọ Filomena

Irọ́ tí Dámiláre Pereira pa kò ju gbólóhùn kan lọ. Ọjọ́ tó kọ́kọ́ lọ kí ìyá Abísọ́lá, ọmọbìnrin tó ń fẹ́, nílé wọn ní Ilo-Awela ní Ọ̀tà ni. Ó ti fẹ̀yìn ti àga, ó ti mu màlítììnì tútù dé ìdajì ìgò, ọkàn rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń balẹ̀, ni ìyá náà bá wò ó láti òkè délẹ̀, ó ní, "Pereira. Irú orúkọ wo nìyẹn? Àbí orúkọ agbábọ́ọ̀lù lẹ lọ ń jẹ́ nílé yín?"

Dámiláre ní rárá o, mà. Ó ní Àgùdà làwọn, ọmọ Pópó Àgùdà ní Èkó, àwọn tí baba ńlá wọn ti oko ẹrú ní Bùràsíìlì padà wálé. Títí débẹ̀, òótọ́ pọ́ńbélé ni. Ká ní ó dákẹ́ síbẹ̀ ni, gbogbo wa ì bá lọ sùn. Ṣùgbọ́n ó rí i pé ojú ìyá náà ti ń dán, ẹnu bá ń yún un, ó ní, "Àní títí dòní, Potogí là ń sọ nínú ilé wa, mà."

Potogí wo? Ẹ gbà mí o! Ohun tó ṣẹ́ kù nínú ọ̀rọ̀ Potogí nílé àwọn Pereira kò ju fùréjọ̀n lọ, ẹ̀wà alágbọn tí wọ́n ń sè ní Fúráìdè Rere, ìyá rẹ̀ àgbà nìkan ló sì mọ̀ ọ́n sè. Dámiláre fúnra rẹ̀, iléeṣẹ́ tí wọ́n ti ń ṣe ìdérí ìgò ní Àgbárá ló ti ń jẹun. Yorùbá àti bùrókìn ló ń sọ láti àárọ̀ ṣúlẹ̀.

Ẹ má tíì bínú sí i jù. Dìkóníìsì Fọlákẹ́, ìyá Abísọ́lá, kì í ṣe obìnrin tí èèyàn ń lọ bá lọ́wọ́ òfo. Ọ̀gá iléèwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ni kó tó fẹ̀yìn tì, ó sì ń wo àwọn àgbàlagbà bí ẹni tí iṣẹ́ àmúrelé wọn kò pé. Òun náà ló ń darí ìgbìmọ̀ ìgbéyàwó nínú ìjọ wọn, níbi tí ọkùnrin kankan kò ti gbọdọ̀ sọ pé òun fẹ́ fẹ́ ọmọ ìjọ àfi tí ìgbìmọ̀ bá yẹ̀ ẹ́ wò tinútòde. Ẹni tó máa fún Dámiláre lọ́mọ àti ẹni tó máa fún un ní ìwé àṣẹ, ẹnì kan náà ni. Ọkùnrin méjì sì ti wá ṣáájú rẹ̀. Ó lé èkíní pé ó ń jẹ ṣingọ́ọ̀mù nígbà àdúrà, ó lé èkejì pé kò mọ orúkọ baba baba rẹ̀. Kí lẹ fẹ́ kí Dámiláre ṣe? Ó fẹ́ràn Abísọ́lá dé eegun.

Abísọ́lá gbọ́ irọ́ náà láti ilé ìdáná. Nígbà tó sìn ín dé ẹnu ọ̀nà, ó gbá a létí pẹ́lẹ́ báyìí, ó ní, "Dámiláre, ìwọ àti ta lẹ jọ ń sọ Potogí?"

"Sísọ lásán ni. Ta ló máa wá bá mi sọ ọ́ ní Ọ̀tà?"

Ìbéèrè tó dára ni. Ìdáhùn rẹ̀ ti wà ní Ìyànà Ìyẹsí.

Ìgbà yẹn, gbogbo ilẹ̀ òfìfo tó kù ní Ọ̀tà ló ń di ṣọ́ọ̀ṣì, èyí tí kò bá di ṣọ́ọ̀ṣì á di yunifásítì. Yunifásítì kan lápá ibẹ̀ tí Abísọ́lá ti ń ṣiṣẹ́ ṣẹ̀ṣẹ̀ gbẹ́ odò ìlúwẹ̀ẹ́ ńlá, wọ́n fi táìsì tẹ́ ẹ dé ìsàlẹ̀, omi rẹ̀ ń kọ mànà. Iṣẹ́ Abísọ́lá ni láti máa yẹ omi náà wò bóyá oògùn inú rẹ̀ tó. Òyìnbó obìnrin kan tí wọ́n mú wá láti Pọ́túgà ló ń kọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ní ìlúwẹ̀ẹ́. Filomena lorúkọ rẹ̀, èjìká rẹ̀ gbòòrò bíi ti alágbẹ̀dẹ, irun rẹ̀ funfun, ó gé e mọ́lẹ̀. Ó ti lúwẹ̀ẹ́ dé Òlíńpíìkì rí. Gẹ̀ẹ́sì tó gbọ́ kò pọ̀, ṣùgbọ́n òun àti Abísọ́lá mọwọ́ ara wọn.

Bí Pásítọ̀ Jabez, olórí ìjọ wọn, ṣe gbọ́ pé ẹni tó dé Òlíńpíìkì ń bẹ nítòsí, oorun dá lójú rẹ̀. Ó ní àfi kí obìnrin náà wá jẹ́rìí nínú ìjọ lọ́jọ́ Àìkú Àṣeyọrí. Wọ́n ní Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ kò dán mọ́rán. Pásítọ̀ ní kò burú, Ọlọ́run á pèsè ògbufọ̀. Níbẹ̀ ni Dìkóníìsì Fọlákẹ́ ti dìde nínú ìpàdé àwọn òṣìṣẹ́, ó tún gèlè rẹ̀ ṣe, ó ní, "Pásítọ̀, Ọlọ́run ti pèsè. Àna mi, Potogí ni wọ́n ń sọ nílé wọn."

Àna mi! Ọ̀rọ̀ tí Dámiláre ti ń gbààwẹ̀ lé lórí láti ọdún tó kọjá nìyẹn. Ọjọ́ tó wá jáde lẹ́nu ìyá yìí, ṣe ni inú rẹ̀ dùn tí ẹ̀rù sì bà á lẹ́ẹ̀kan náà, tí kò mọ̀ bóyá kóun rẹ́rìn-ín ni tàbí kóun sunkún.

Ó gbìyànjú láti bọ́. Ó ní òun ní iṣẹ́ alẹ́ ní Àgbárá. Pásítọ̀ pe ọ̀gá rẹ̀, ọ̀gá yọ̀ǹda rẹ̀. Ó ní ibà ń ṣe òun. Pásítọ̀ gbé ọwọ́ lé e lórí, ó lé ibà náà jáde lójú gbogbo èèyàn, ibà tí kò wá. Ó sáré tọ Abísọ́lá lọ.

"Lọ sọ òótọ́ fún Mọ́mì," Abísọ́lá wí fún un.

"Wọ́n á lé mi."

"Tí wọ́n bá mọ̀ ọ́n fúnra wọn ńkọ́? Dámiláre, mi ò bá ẹ dá sí i o. Mo fún ẹ di ọjọ́ Àìkú."

Ọjọ́ Àìkú pé, Dámiláre kò sọ nǹkan kan. Ó wọ kóòtù tó yá, ó lọ dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ Filomena lórí pẹpẹ. Inú obìnrin náà ń dùn ṣìnkìn. Ó ti pẹ́ tó ti rí ẹni tó lè fi èdè ìyá rẹ̀ sọ ìtàn ara rẹ̀ fún. Ó bọ Dámiláre lọ́wọ́, ó sọ nǹkan gígùn kan fún un tẹ̀ríntẹ̀rín. Dámiláre náà rẹ́rìn-ín, ó ní, "Bẹ́ẹ̀ ni, mà."

Obìnrin náà bẹ̀rẹ̀. Ó sọ̀rọ̀ díẹ̀, ó dúró, ó wo ògbufọ̀ rẹ̀. Òógùn ti bo Dámiláre. Gbogbo ìjọ ń wo ẹnu rẹ̀, Dìkóníìsì Fọlákẹ́ sì jókòó níwájú gan-an, ó ká ọwọ́ lé itan.

"Wọ́n ní ẹ yin Olúwa!" Dámiláre ké.

"Halelúyà!" Ìjọ dáhùn.

Áà, ó dùn. Èyí tó tẹ̀ lé e wá wọ́ọ́rọ́wọ́. Filomena fi ọwọ́ wa omi báyìí, Dámiláre ní wọ́n ti ń lúwẹ̀ẹ́ láti inú ọyún ìyá wọn. Filomena fọwọ́ kan èjìká rẹ̀, ó fajú ro, Dámiláre ní áńgẹ́lì ló fọwọ́ kàn wọ́n níbẹ̀ lóru ọjọ́ tí ìdíje ku ọ̀la. Filomena na ìka mẹ́jọ sókè. Dámiláre kò tilẹ̀ ronú lẹ́ẹ̀mejì.

"Góòlù mẹ́jọ! Wọ́n ní góòlù mẹ́jọ ni wọ́n gbà lọ́jọ́ kan ṣoṣo!"

Ariwo fẹ́rẹ̀ẹ́ wó ilé. Ìyá Treasure, aránṣọ, ju ìborùn sókè. Onílù kò dúró kí wọ́n ṣẹ́jú sí i mọ́. Ìgbà tí ariwo rọlẹ̀ díẹ̀, Filomena gbé ọwọ́ lé àyà, ohùn rẹ̀ lọ sílẹ̀, ó tọ́ka sókè ọ̀run, omi lé ròrò lójú rẹ̀. Dámiláre, tí orí ti yí nísinsìnyí, ní bàbá wọn ló rí góòlù tó bú sẹ́kún ayọ̀, tó gbọ́wọ́ sókè sí Ọlọ́run, ẹ bá bàbá náà jó! Gbogbo ìjọ dìde, wọ́n jó. Dìkóníìsì Fọlákẹ́ tí eékún rẹ̀ ń dùn ún jó dé iwájú pẹpẹ, ó tẹ ẹsẹ̀ mọ́lẹ̀, ó tún gbé e sókè. Láàárín àwọn akọrin, Abísọ́lá nìkan ló jókòó, ó dorí kodò.

Filomena dúró pẹ̀lú omi lójú, ó ń wo àwọn èèyàn tó ń jó.

Lẹ́yìn ìsìn, Dìkóníìsì kó wọn lọ sílé lọ jẹ ìrẹsì. Itan adìẹ tó tóbi jù lọ nínú ìkòkò, orí àwo Dámiláre ló balẹ̀ sí. Àwọn mẹ́rin ló wà nídìí tábìlì, ìyá àtọmọ, òyìnbó àti ògbufọ̀. Dámiláre ti mú ṣíbí lọ́wọ́ nígbà tí Filomena yíjú sí Abísọ́lá, ó fi ìwọ̀nba Gẹ̀ẹ́sì tó gbọ́ béèrè pé ṣé àṣà ibí yìí ni, pé tí wọ́n bá sọ pé bàbá èèyàn kú, jíjó ni wọ́n ń jó?

Ṣíbí Dámiláre dúró lójú ọ̀nà ẹnu.

Abísọ́lá wò ó. Àkókò tó fún un ti tán. Ni Abísọ́lá bá ṣàlàyé gbogbo rẹ̀ fún òyìnbó lẹ́sẹẹsẹ: áńgẹ́lì èjìká, góòlù mẹ́jọ, gbogbo rẹ̀. Filomena la ẹnu sílẹ̀. Nígbà tó gbọ́ góòlù mẹ́jọ, ẹ̀rín pa á, ó fi ọwọ́ gbá tábìlì, ife omi dà nù. Ó ní ipò kẹjọ lòun ṣe! Kẹjọ nínú ẹni mẹ́jọ! Ó rẹ́rìn-ín títí ó fi ń wú ikọ́. Ṣùgbọ́n nígbà tí Abísọ́lá dé orí bàbá, ẹ̀rín náà tán lójú rẹ̀. Ó ní inú òkun ni bàbá òun kú sí. Apẹja ni. Òun kò tíì pé ọmọ ọdún mẹ́wàá nígbà náà.

Dìkóníìsì Fọlákẹ́ gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì ju gbogbo wọn lọ. Kò pariwo. Ó na ọwọ́ kọjá tábìlì, ó mú itan adìẹ kúrò lórí àwo Dámiláre, ó dá a padà sínú ìkòkò, ó dé e.

"Dámiláre, ṣé o gbọ́ Potogí?"

"Rárá, mà." Ó ti dọ̀bálẹ̀ sílẹ̀ẹ́lẹ̀ kó tó dáhùn tán. "Ẹ jọ̀ọ́, mà. Ẹ̀rù ló bà mí pé ẹ máa lé mi."

"Àìgbédè kò ṣe mí ní nǹkan kan. Èmi náà kò gbọ́ ọ. Àmọ́ o ní kí n jó. Obìnrin yìí dúró níwájú mi, ó ń sunkún bàbá rẹ̀ tó kú sómi, èmi àgbàlagbà ń gbé ẹsẹ̀ sókè sódò lójú rẹ̀. O fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ níwájú ìbànújẹ́ ọmọ ọlọ́mọ. Dámiláre, o bà mí nínú jẹ́."

Kò sẹ́ni tó jẹun mọ́. Dámiláre ṣì wà nílẹ̀, ojú ń tì í débi tí kò lè gbé orí. Ìyá náà ní kó dìde.

"Ọjọ́ Àìkú tó ń bọ̀, orí pẹpẹ kan náà, maìkì kan náà. Bí obìnrin yìí bá gbà, yóò sọ ìtàn rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan sí i, ìwọ yóò sì sọ ọ́ bó ṣe sọ ọ́, láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Tí o bá bù mọ́ ọn, tí o bá yọ nínú rẹ̀, tí o bá sá sọ̀kalẹ̀ kó tó parí, má wá sílé mi mọ́, má sì jẹ́ kí n rí ẹ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọmọ mi."

Filomena gbà. Ó ní èdè ìyá òun lòun máa fi sọ ọ́ o, kí Dámiláre wá kọ́ ọ lọ́dọ̀ òun kó tó dọjọ́ náà.

Lọ́sẹ̀ yẹn, bí wọ́n bá ti ṣíwọ́ iṣẹ́ ní Àgbárá, Dámiláre á wọ bọ́ọ̀sì wá sí Ìyànà Ìyẹsí, á jókòó létí odò ìlúwẹ̀ẹ́. Filomena á rọra fi Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ sọ díẹ̀, Dámiláre á sọ ọ́ ní Yorùbá, Abísọ́lá á dúró tì wọ́n pẹ̀lú ìgò oògùn omi lọ́wọ́, á máa gbọ́ bóyá ó pé. Bẹ́ẹ̀ ni Dámiláre ṣe mọ̀ pé bàbá Filomena tó ń fi òkun jẹun kò mọ lúwẹ̀ẹ́ rárá. Ó mọ̀ pé lẹ́yìn tí òkun gbé e lọ, ìyá Filomena mú ọmọ náà lọ sí odò ìlúwẹ̀ẹ́ ìlú wọn, ó tì í síwájú olùkọ́, ó ní ẹ kọ́ èyí, omi kò gbọdọ̀ mú ẹnì kankan lọ́wọ́ mi mọ́. Ọjọ́ tí Dámiláre kọ́kọ́ sọ ibẹ̀ ní Yorùbá, ó ní kí wọ́n jọ̀ọ́ jẹ́ kí òun mí. Filomena gbá a lẹ́yìn. Ó ní ó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ Potogí nìyẹn.

Ṣùgbọ́n ayé kò jẹ́ kó sinmi. Pásítọ̀ Jabez ti lẹ bánà ńlá mọ́ igun Ìyànà Ìyẹsí: Ọ̀SẸ̀ GÓÒLÙ MẸ́JỌ, WÁ GBA TÌRẸ. Ìyá Treasure ti ń gbààwẹ̀ lé góòlù tirẹ̀ lórí. Ọlọ́kadà tí Dámiláre kò mọ̀ rí ń kí i ní "Potogí!" Pásítọ̀ pè é sí kọ̀rọ̀, ó ní láti ìsinsìnyí lọ, òun ni ògbufọ̀ àgbà fún gbogbo àlejò òkè òkun, àga aláwọ̀ pupa tó wà níwájú, tirẹ̀ ni. Dámiláre ní, "Pásítọ̀, ẹ jọ̀ọ́, nǹkan kan wà tí mo fẹ́ tún ṣe lọ́jọ́ Àìkú." Pásítọ̀ ní, "Bùrọ́dá mi, kí ló kù tí èèyàn fẹ́ tún ṣe lára góòlù mẹ́jọ?"

Ọjọ́ Àìkú dé, inú ìjọ kún dé etí fèrèsé. Dámiláre gba maìkì.

"Ẹ jọ̀ọ́, ohun tí mo sọ lọ́sẹ̀ tó kọjá, kì í ṣe ohun tí wọ́n sọ. Mo purọ́ ni."

Ẹ̀rín sọ. "Ìrẹ̀lẹ̀!" ni ẹnì kan ké láti ẹ̀yìn. "Ẹ wo ìrẹ̀lẹ̀ ọmọkùnrin yìí!" Wọ́n pàtẹ́wọ́ fún un.

Filomena bẹ̀rẹ̀, Dámiláre ń tẹ̀ lé e. Ó sọ ti bàbá, ti òkun, ti ìyá tó ti ọmọ síwájú olùkọ́. Ìjọ ń gbọ́, wọ́n ń dúró de ibi tó máa dùn. Ó ní oríṣi lúwẹ̀ẹ́ tí wọ́n ń pè ní labalábá lobìnrin yìí yàn, tí wọ́n á na apá méjèèjì sókè kúrò nínú omi lẹ́ẹ̀kan náà, òun ló le jù. Ó ní láti kékeré títí ó fi dàgbà, ọmọbìnrin kan láti Lísíbọ́nù, olú ìlú wọn, ló ń gba ipò kìíní, Filomena ń gba ìkejì. Lọ́dọọdún.

"Ìkejì kẹ̀?" Ìyá Treasure béèrè, kò rọ ohùn sílẹ̀.

Ó ní ìgbà tí ọmọ Lísíbọ́nù fi lúwẹ̀ẹ́ sílẹ̀, tí ọ̀nà Òlíńpíìkì wá là, èjìká Filomena ya. Kò sí áńgẹ́lì kankan níbẹ̀ o. Dókítà ní kó má lọ. Ó lọ.

"Góòlù mẹ́jọ wa dà?" Ìyá Treasure ti dìde dúró.

"Kò sí góòlù, mà. Ẹni mẹ́jọ ló lúwẹ̀ẹ́. Obìnrin yìí ló ṣe ìkẹjọ."

Ẹ ò rí ariwo! Ẹnì kan ní Sàtánì ti wọ inú ìtumọ̀. Ẹlòmíràn ní wọ́n ti ra ọmọ náà. Ìyá Treasure nawọ́ sí i, ó ní, "Òpùrọ́ ni! Ọmọ yìí ò gbọ́ Potogí! Èmi ti ń fura láti ọ̀sẹ̀ tó kọjá!"

Ẹ wá bá mi wo ayé. Ọjọ́ tó purọ́, wọ́n fi àga pupa dá a lọ́lá. Ọjọ́ tó ń sọ òótọ́ bí wọ́n ṣe kọ́ ọ, ọjọ́ náà ni wọ́n mú un lópùrọ́. Pásítọ̀ Jabez sún mọ́ ọn, ó ń rẹ́rìn-ín fún ìjọ, ó sọ fún un létí pé, "Bùrọ́dá mi, rántí góòlù yẹn kíá, ká lè wálẹ̀." Gbólóhùn kan péré ni wọ́n tún ń bẹ̀ ẹ́ fún. Ó wo inú ìjọ tó ń hó. Ó mọ̀ pé tóun bá la ẹnu báyìí, tóun ní góòlù, wọ́n á gbé òun sókè. Ó wo Dìkóníìsì Fọlákẹ́ níwájú.

"Kò sí góòlù," Dámiláre wí.

Pásítọ̀ ṣẹ́jú sí àwọn akọrin, orin bẹ̀rẹ̀. Wọ́n pa maìkì. Filomena kò dákẹ́, obìnrin náà kò tilẹ̀ wo ẹ̀yìn. Dámiláre bá gbé ohùn sókè, ó ń pariwo mọ́ orin, iṣan ọrùn rẹ̀ dìde.

"Wọ́n ní ẹni méje tó kù ti gúnlẹ̀! Wọ́n ti jáde nínú omi, wọ́n ti ń nura! Wọ́n ní àwọn nìkan ló ṣẹ́ kù nínú omi! Apá kan ò gbé mọ́! Wọ́n ní gbogbo ohun tí àwọn ń rò ni pé bàbá àwọn ò gúnlẹ̀, pé tí àwọn bá fọwọ́ kan ògiri yẹn, ẹnì kan nínú ilé àwọn ti gúnlẹ̀! Wọ́n ní àwọn fọwọ́ kàn án! Ó tán!"

Kò sẹ́ni tó pàtẹ́wọ́. Ìyá Treasure ti ń ká báàgì rẹ̀. Pásítọ̀ ní kí gbogbo ìjọ na ọwọ́ sí ògbufọ̀, ká gbà á sílẹ̀ lọ́wọ́ ẹ̀mí ìtànjẹ. Dámiláre dúró ní àárín ọwọ́ rẹpẹtẹ tí wọ́n nà sí i, kò rí ojú ẹnì kan tó rẹ́rìn-ín sí i.

Dìkóníìsì Fọlákẹ́ dìde. Dámiláre rò pé ó ń lọ ni. Ìyá náà yíjú sí àwọn akọrin, ó lo ohùn tó fi ń pe àwọn ọmọ iléèwé kúrò ní pápá, gbogbo orin sì gé.

"Abísọ́lá! Kúrò láàárín àwọn èèyàn yẹn, lọ gbé omi fún ọkọ ẹ. Ṣé o ò rí i pé ohùn rẹ̀ ti há ni?"